Igbá Tí Kò Mọ Ìyàwó Àgbà

Ẹni tí ẹ̀pà bá wà lẹ́nu rẹ̀, kó jẹ ẹ́ tán kí n tó bẹ̀rẹ̀, torí ìtàn tí mo gbé wá lónìí kò fẹ́ ariwo èèpo. Ẹni tó bá sì mọ̀ pé òun kò lè gbọ́ ọ̀rọ̀ ìtìjú kí òun má fi ṣe ẹlẹ́yà, kó dìde báyìí kó lọ wo ewúrẹ́ rẹ̀. Ìtàn ọdẹ ni. Ṣùgbọ́n kì í ṣe ti ọdẹ tó perin tó fi ìrù rẹ̀ jó wọ̀lú. Ti ọdẹ kan ni, tó gbé nǹkan wálé láti inú igbó, tí gbogbo ìlú yìnbọn fún un, tó wá di pé kò lè gbójú sókè wo ẹni tó fún un lóúnjẹ dàgbà.

Ọdẹ́dìran ni orúkọ rẹ̀. Ará Òkè-Amọ̀ ni, ìlú tí ilẹ̀ rẹ̀ pupa bí ojú ẹni tó ń bínú, tí wọ́n ti ń mọ ìkòkò tí gbogbo agbègbè fi ń pọnmi. Bí ẹ bá gbọ́ ọ lẹ́nu ara rẹ̀, kò tún sí ọdẹ mìíràn láyé. Òun ló ní òun bá ẹfọ̀n jìjàkadì, tí ẹfọ̀n sì bẹ òun pé kí òun má sọ fún ìyàwó rẹ̀. Òun ló ní òun fọn fèrè fún iwin olórí méjì kan, tí iwin náà jó títí orí kan fi sùn lọ tí èkejì ṣì ń jó. Èmi tí mò ń sọ̀rọ̀ yìí, mo mọ irọ́ bí mo bá rí i, àmọ́ irọ́ Ọdẹ́dìran dùn ju òótọ́ ẹlòmíràn lọ. Ẹ jẹ́ ká fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀.

Ìyá rẹ̀ kú nígbà tó ṣì ń rákòrò. Ìyàwó ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ló tọ́ ọ. Ẹ kúkú mọ àṣà wa: ìyàwó ilé kì í pe orúkọ ẹni tó bá nílé ọkọ, bó tilẹ̀ ṣe ọmọ ọwọ́. Orúkọ tó bá wù ú ni yóò fún un. Ọmọ yìí kì í jẹ́ kí iṣu jinná kó tó kọwọ́ bọ ìkòkò, ni obìnrin náà bá sọ ọ́ ní Má-jẹṣu-mi-tán. Obìnrin náà fúnra rẹ̀ ńkọ́, kí ni wọ́n ń pè é? Kò bímọ tí wọn ì bá fi pè é ní ìyá lágbájá. Ìyàwó ni wọ́n ń pè é lọ́jọ́ tó wọlé. Nígbà tí àwọn ìyàwó mìíràn dé lẹ́yìn rẹ̀, wọ́n fi Àgbà kún un. Ìyàwó Àgbà. Ọkọ rẹ̀ kú, irun rẹ̀ funfun báláú, orúkọ náà kò yí padà. Ẹ fi ọ̀rọ̀ yìí sábẹ́ ahọ́n. A óò bù ú jẹ níwájú.

Amọ̀kòkò ni Ìyàwó Àgbà. Bó bá mọ ìkòkò tán, á fi òkúta dídán kan pa á lára, á fi ìka tẹ̀ lé òkúta, títí ìkòkò yóò fi máa kọ mọ̀nà. Lẹ́yìn náà ni yóò fi àtàǹpàkò tẹ ìdí rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan. Àmì rẹ̀ nìyẹn. Kò sí ilé kan ní Òkè-Amọ̀ tí kò ní ìkòkò tó ní ojú àtàǹpàkò yẹn nídìí.

Omi kan ṣoṣo tí ẹ̀ẹ̀rùn kì í mú gbẹ nílùú náà ni ìsun kan lábẹ́ àpáta, Baba Àkàngbé ló sì ń ṣọ́ ọ. Afọ́jú ni Baba Àkàngbé. Bí o bá dé ibẹ̀, á ní, "Ta ni yẹn?" Ìwọ náà á ní, "Èmi ni," bí gbogbo wa ti í dáhùn lẹ́nu ọ̀nà. Á wá ní, "Wọlé, ọmọ Ọ̀jẹ́bísí. Ṣé ikọ́ ìyá rẹ ti fi í sílẹ̀?" Ó parí. Ṣùgbọ́n ẹ̀ẹ̀rùn ọdún kan mú bí ọ̀bẹ. Àlejò kan láti ìlú kejì, tó mọ ohùn í sín jẹ, ló bá sín ohùn Ọ̀tún jẹ, ó kó àwọn èèyàn rẹ̀ wọlé, wọ́n pọnmi títí ìsun fi kù bí itọ́ ẹnu. Ìlú gbaná. Ẹ má jẹ́ ká purọ́, ọ̀rọ̀ náà nídìí. Olókè, ọba wọn, ní òun ti gbọ́ nípa ìlú kan nínú Igbó Ẹlẹ́gbẹ̀rún-Ojú, Ìlú Mọ̀mí-Dájú, tí wọ́n ti ní igbá kan tó mọ èèyàn ju bí èèyàn ti mọ ara rẹ̀ lọ. Ta ni yóò bá òun lọ gbé e wá? Kó tó béèrè tán, Ọdẹ́dìran ti dìde.

Ìrìn-àjò àkọ́kọ́ yẹn, n kò ní fi pá yín lórí. Ohun tí Ọdẹ́dìran sọ nígbà tó dé ni pé òun fi ìjálá mú kìnnìún sùn, òun sì gun ẹ̀yìn ọ̀nì sọdá odò iná. Ohun tí kò sọ ni pé wọ́ọ́rọ́wọ́ ni wọ́n ṣílẹ̀kùn fún òun, wọ́n gbé Igbá lé òun lórí, wọ́n ní, "Máa gbé e lọ, ọ̀fẹ́ ni." Àwọn ọdẹ àtijọ́ a máa sọ pé ẹran tó bá fẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn wọnú àpò ọdẹ, kí ọdẹ náà yíjú wo ẹ̀yìn. Ọdẹ́dìran mọ òwe náà. Ṣùgbọ́n ẹni tí wọ́n ń yìn kì í rántí òwe.

Ìlú yìnbọn. Olókè fi fìlà àrán dé e lórí. Ẹnìkan bá Igbá wá láti Ìlú Mọ̀mí-Dájú láti máa tọ́jú rẹ̀, kúkúrú kan báyìí, ara rẹ̀ ń dán bí ẹyin. Ọ̀rọ̀ tó wọ́pọ̀ jù lẹ́nu rẹ̀ ni "Tẹ̀ka síbẹ̀," àwọn ọmọdé sì sọ ọ́ di orúkọ fún un. Èèyàn á tẹ àtàǹpàkò mọ́ etí Igbá, á la ojú sí inú rẹ̀, Igbá á dún gbìì, á ní, "Mo mọ̀ ọ́." Wọ́n ní kí Baba Àkàngbé lọ sinmi sílé.

Ọdẹ́dìran ló kọ́kọ́ tẹ̀ka. Bí Igbá ti ní òun mọ̀ ọ́n, orí rẹ̀ wú ju fìlà lọ. Ó dojú kọ àwọn èèyàn, ó kígbe: "Ẹ gbọ́ o! Ẹni tí Igbá kò bá mọ̀, ẹran ìgbẹ́ ni!" Ọ̀rọ̀ náà dùn mọ́ ìlú, wọ́n fi kọrin. Ẹyin lọ̀rọ̀, bó bá balẹ̀, kò ṣeé kó.

Ó kan Ìyàwó Àgbà. Ó sọ ìkòkò kalẹ̀, ó nawọ́.

"Tẹ̀ka síbẹ̀."

Ó tẹ̀ ẹ́. Igbá dákẹ́.

"Màmá, ẹ nu ìka yẹn dáadáa."

"Mo ti nù ún, ọmọ mi. Amọ̀ ló jẹ ẹ́. Láti ìgbà èwe ni mo ti ń fi í dán ìkòkò, kò sí ìlà kankan níbẹ̀ mọ́."

"Igbá ní òun kò mọ̀ yín."

"Háà. Èmi ni, ṣé o ò rí mi ni?"

"Èmi-ni wo?"

Obìnrin náà yíjú. Ọdẹ́dìran wà níbẹ̀, lórí àpótí tí wọ́n gbé fún un lẹ́gbẹ̀ẹ́ Igbá, torí òun ló gbé e wá. "Ọkọ mi," Ìyàwó Àgbà ní, "bá mi sọ fún un."

Ọdẹ́dìran lanu. Ẹ gbà mí gbọ́, ó lanu. Ṣùgbọ́n aláwàdà kan láàárín èrò ti dá orin: "Ẹni tí Igbá kò bá mọ̀ o?" Àwọn tó kù gbè é: "Ẹran ìgbẹ́ ni!" Wọ́n rẹ́rìn-ín. Kì í ṣe ẹ̀rín ìkà, ẹ̀rín èèyàn tí Igbá ti mọ̀ ni. Ọdẹ́dìran pa ẹnu dé. Ó gbé ìbọn lé orókùn, ó ń yọjú wo ẹnu ìbọn náà bí ẹni pé iyanrìn kó sí i. Ó ń wò ó títí Ìyàwó Àgbà fi ká òṣùká rẹ̀, tó gbé ìkòkò òfìfo rù, tó lọ. Tẹ̀ka-Síbẹ̀ sì kéde pé ẹni tó bá bu omi fún ẹni tí Igbá kò mọ̀, Igbá yóò gbàgbé òun náà.

Nírọ̀lẹ́, Ọdẹ́dìran rìn wálé bí ajá tó jí ẹran. Ó ń gbàdúrà kí obìnrin náà ṣépè fún òun. Kò ṣépè. Ó gbé ẹ̀kọ àti ọbẹ̀ sílẹ̀ fún un, ó bu omi tì í, omi tó mọ́ gaara. Ọdẹ́dìran mu ún tán. Ó bọ́ sí ẹ̀yìnkùlé láti fọwọ́, ibẹ̀ ló ti bá Ìyàwó Àgbà níbi tó lóṣòó sí tó ń mu nǹkan pupa nínú àwo amọ̀ kan. Kòtò tó ti ń wa amọ̀ ló ti bu omi. Ó jẹ́ kó tòrò, ó rọra da èyí tó mọ́ sọ́tọ̀ fún ọkọ rẹ̀ kékeré, ó sì ń mu gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀.

Ó gbójú sókè, ó rí i. "Má wò mí bẹ́ẹ̀. Kò korò. Amọ̀ ti mọ̀ mí tipẹ́."



Bí ilẹ̀ ti mọ́, ó dé ààfin. Olókè gbọ́ ọ tán, ó lé àwọn ìjòyè jáde, ó fà á mọ́ra. "Ọdẹ́dìran, má pariwo. Igbá yìí kì í ṣe tèmi. Èmi náà ń tẹ̀ka. Láàárọ̀ yìí, ó pẹ́ kó tó mọ̀ mí, àyà mi já pàà. Àwọn tó ni ín ni kó o lọ bá."

"Kábíyèsí, ẹ̀yin lẹ ni ìlú."

"Èmi ni mo ni ìlú," Olókè ní, ó sì wo ẹsẹ̀ ara rẹ̀. "Àwọn ni wọ́n ni ẹnu ọ̀nà omi."

Ó mú ọ̀nà igbó pọ̀n lẹ́ẹ̀kejì. Ẹnikẹ́ni kò yìnbọn. Ó ṣí fìlà àrán, ó kì í bọ ìsàlẹ̀ àpò.

Ní oríta tí ọ̀nà ti wọ Igbó Ẹlẹ́gbẹ̀rún-Ojú, iwin kan dùbúlẹ̀ dábùú ọ̀nà. Ó tẹ́ etí rẹ̀ kan sílẹ̀ bí ẹní, ó fi èkejì bora. Kò ṣí ojú.

"Àlọ́ o."

"Àlọ̀."

"A fi fún ọmọ ọwọ́, ọwọ́ rẹ̀ kò bà á. A sin òkú, a kò sin ín. Kí ni o?"

Ọdẹ́dìran fi ìka họ irùngbọ̀n. Ó ronú kan ọtí, ó ronú kan òjìji, ó ronú títí òógùn fi bo imú rẹ̀. Ó ní, "Orúkọ ni."

Iwin ká etí rẹ̀ kúrò lọ́nà. "O gbà á. Máa kọjá. Àmọ́ má yọ̀, ọdẹ. Ẹni tó mọ ìdáhùn kò tíì ní i lápò."

Ọdẹ́dìran kò mọ ohun tó ń wí. Ó kọjá.

Nínú igbó náà, ojú ni gbogbo ewé. Bí atẹ́gùn bá fẹ́, wọ́n á ṣẹ́jú pọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, ariwo rẹ̀ á dà bí ìgbà tí òjò ń kán sórí iyanrìn. Nígbà àkọ́kọ́ tó gba ibẹ̀, ó rí i pé ewé ń wo òun, inú rẹ̀ dùn, ó sì jó fún wọn. Ẹni tó bá fẹ́ràn kí wọ́n máa wo òun, kì í bi ẹni tó ń wò ó léèrè ohun tó fẹ́ fi ìwò náà ṣe. Lọ́tẹ̀ yìí, ó fa ẹ̀wù gbérí ọdẹ rẹ̀ bo orí. Ewé ń sọ fún ewé: "Òun ni. Òun ni. Ẹni tó gbé Igbá." Ìrókò ńlá kan tilẹ̀ la gbogbo ojú rẹ̀ ó ní, "Ọ̀gbẹ́ni, o ò ní jó lónìí?" Ọdẹ́dìran sáré. Ọdẹ tó sáré fún igi, ṣé ẹ ti gbọ́ ọ rí?

Ó dé ẹnu ibodè Ìlú Mọ̀mí-Dájú. Ó kan ilẹ̀kùn.

"Ta ni yẹn?"

"Èmi ni."

"Èmi-ni ti wọlé rí. Ó wọlé nígbà kan, ó gbé Igbá jáde. Bí ìwọ náà bá tún ń jẹ́ Èmi-ni, a jẹ́ pé olè ni ọ́."

"Mo ní èmi ni! Èmi tí mo wá níjọ́sí!"

"Èmi-ni nìkan ló wà lọ́wọ́ mi. Èmi-tí-mo-wá-níjọ́sí kò sí níbẹ̀."

"Ìwọ ará ibí yìí, ṣé etí rẹ dí ni? Ẹni tó wá nígbà yẹn, èmi náà ni!"

Oníbodè ní, "Èmi-náà-ni? Ìyẹn kò wọlé rí. Wọlé."

Bí ó ti wọlé nìyẹn, orúkọ tí kì í ṣe tirẹ̀ lọ́rùn rẹ̀. Nílé, ẹni tó bá ní "èmi ni" ti parí ọ̀rọ̀, torí ẹni tó wà nínú ilé mọ ohùn. Ìgbà náà ló kọ́kọ́ yé Ọdẹ́dìran pé ọ̀rọ̀ kékeré yẹn kò ní ẹsẹ̀ tirẹ̀. Etí ẹni tó mọ̀ ọ́ ló fi ń rìn.

Ọjà ni wọ́n ń ná nínú ìlú. Kò rí iṣu, kò rí ẹran. Ojú èèyàn ni wọ́n tò sórí àtẹ, àwọn kan ń sunkún, àwọn kan ń rẹ́rìn-ín, wọ́n so ohun tí olúkúlùkù fẹ́ràn àti ohun tó ń bẹ̀rù mọ́ ọn létí bí yẹtí. Ó rí ojú Ọ̀tún. Ó rí ojú ìyàwó Ọ̀tún. Gbogbo Òkè-Amọ̀ wà níbẹ̀, àwọn iwin oníṣòwò sì ń gbé wọn yẹ̀ wò bí ẹni ń yẹ ata wò.

Nísàlẹ̀ àtẹ kan, eruku bo ojú kan tó dé fìlà àrán, tó ń rẹ́rìn-ín sí gbogbo ẹni tó ń kọjá.

"Èyí ńkọ́?" oníbàárà kan ní.

"Èyí wo? Áà, ìyẹn." Iwin tó ni àtẹ náà rẹ́rìn-ín. "Ẹni tó bá yìn ín ló ni ín. Fìlà kan péré la fi mú un, òun ló sì kó gbogbo ìyókù wọ̀nyí wá fún wa. A kì í ta ìyẹn. Èènì ni. Ra èyí tó bá wù ọ́, kí n fi í kún un."

Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ ti gbọ́ pé wọ́n ta èèyàn rí. Ṣé ẹ ti gbọ́ ẹni tí wọn kò tilẹ̀ kà yẹ ní títà? Ọdẹ́dìran fẹ́ gbé ìbọn sókè. Ó rántí pé ojú ara òun ni òun fẹ́ yìnbọn sí. Ó fa gbérí bojú, ó gba ẹ̀gbẹ́ àtẹ kọjá, ojú náà sì ń rẹ́rìn-ín sí i bó ti ń lọ.

Nínú ààfin, ọba Mọ̀mí-Dájú jókòó sórí ìtẹ́, aṣọ títa gígùn kan wà lẹ́yìn rẹ̀. Ọdẹ́dìran dọ̀bálẹ̀, ó ro ẹjọ́. Ọba lanu, ṣùgbọ́n láti ẹ̀yìn aṣọ ni ohùn ti jáde. Ohùn ọ̀rẹ́ ni, ohùn ẹni tó ti yó. Ọba kàn ń mi ẹnu tẹ̀ lé e ni.

"Ọdẹ wa! Ọ̀rọ̀ kékeré ló gbé ọ rìn jìnnà yìí. Bí Igbá kò bá fi ìka mọ̀ ọ́n, èmi tí mo ni Igbá yóò fi ẹnu ara mi sọ ọ́ sínú rẹ̀. Kí ni orúkọ rẹ̀?"

"Ìyàwó Àgbà."

"Ìyẹn ni ẹ̀ ń pè é. Gbogbo ilé ló ní ìyàwó. Mo ní orúkọ rẹ̀."

"Aya ẹ̀gbọ́n mi ni. Aya Ọdẹ́yalé."

"Orúkọ Ọdẹ́yalé nìyẹn. Tirẹ̀?"

"Amọ̀kòkò ni..."

"Iṣẹ́ rẹ̀ nìyẹn. Ọdẹ, orúkọ tí bàbá rẹ̀ sọ ọ́. Oríkì tí ìyá rẹ̀ fi ń pè é. Gbólóhùn kan péré."

Ọdẹ́dìran wá a nínú orí. Oríkì ẹfọ̀n wà níbẹ̀, ó lè kì í láti àárọ̀ di alẹ́. Oríkì erin wà níbẹ̀. Ti àgbọ̀nrín, ti ìmàdò, ti ọ̀kẹ́rẹ́ pàápàá wà níbẹ̀. Ó wá ti ẹni tó ń se gbogbo wọn fún un jẹ, kò bá a. Kò gbàgbé rẹ̀ o. Kò béèrè rí ni. Ó rántí iwin elétí bí ẹní, omi sì bọ́ lójú rẹ̀.

Ohùn ẹ̀yìn aṣọ rẹ́rìn-ín jẹ́jẹ́. "Ẹ ò rí nǹkan! Kí wá ni Igbá mi ṣe fún yín? Ohun tí ẹ mọ̀ ni ó mọ̀. Ẹ ti gbàgbé obìnrin náà kí n tó dé."

Ọ̀rọ̀ yẹn wọ Ọdẹ́dìran lára bí ọfà olóró, torí òótọ́ wà nínú rẹ̀.  Láti orí ìdọ̀bálẹ̀, ó sọ ohun kan ṣoṣo tó kù nínú rẹ̀ tí kì í ṣe ìfọ́nnu.

"A kò mọ orúkọ rẹ̀, òótọ́ ni. Ìtìjú wa ni. Ṣùgbọ́n kí ẹ tó dé, òùngbẹ kò gbẹ ẹ́ rí."

Ẹ̀yìn aṣọ dákẹ́. Ọba gbàgbé, ó ṣì ń mi ẹnu. Lẹ́yìn náà ni ohùn náà tún dé, kò dùn tó ti tẹ́lẹ̀: "Lọ bi í, kó o padà wá sọ fún mi. Bó o bá dé ọ̀hún, bi í pẹ̀lú ibi tó ti ń wa amọ̀. Ìyẹn náà á wúlò fún wa."

Ọ̀nà tó gbà dé ilé, n kò mọ̀ ọ́n. Ọdẹ́dìran kò ròyìn rẹ̀ fún ẹnikẹ́ni, ìyẹn nìkan ti tó kẹ́ ẹ mọ̀ pé nǹkan ṣe é. Ó bá Ìyàwó Àgbà lábẹ́ igi ọsàn níwájú ilé, ó ń fi òkúta pa ìkòkò tútù lára. Ó ti rù. Ètè rẹ̀ ti là. Ọdẹ́dìran dojú bolẹ̀ gbalaja.

"Má-jẹṣu-mi-tán, káàbọ̀ o. Kí ló dé tó o ń nu ilẹ̀ fún mi?"

"Ìyàwó Àgbà, ẹ dákun. Kí ni orúkọ yín?"

Òkúta dúró lára ìkòkò.

"Ta ló fẹ́ mọ̀ ọ́n? Ìwọ ni, àbí Igbá?"

Àlọ́ iwin kò le tó èyí. Ọdẹ́dìran kò gbójú sókè. "Igbá ló rán mi. Ṣùgbọ́n n kò ní jẹ́ ẹ fún un mọ́. Èmi ni mo ń béèrè."

"O ti pẹ́ kó o tó béèrè."

"Mo ti pẹ́."

"Láti ìgbà wo ló ti yẹ kó o béèrè?"

"Láti ìgbà tí mo ti ń jẹ iṣu yín."

Ìyàwó Àgbà bú sẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín náà já lágbede méjì. Ó fi ẹ̀yìn ọwọ́ nu ojú, amọ̀ sì kùn ún lẹ́rẹ̀kẹ́. Ó bẹ̀rẹ̀, ó sọ ọ́ sí i létí, orúkọ tí bàbá rẹ̀ sọ ọ́ àti oríkì tí ìyá rẹ̀ fi ń pè é. "Ẹni tó pè mí bẹ́ẹ̀ kẹ́yìn," ó ní, "koríko ti hù lórí rẹ̀." Ẹ má ranjú mọ́ mi. N kò ní sọ ọ́ fún yín. Ọ̀nà kan ṣoṣo ló wà tí wọ́n fi ń gba irú rẹ̀, kéèyàn fúnra rẹ̀ béèrè ni, Ọdẹ́dìran sì ti fi àyà lélẹ̀ béèrè.

Ó dìde, ó mú òkúta lọ́wọ́ obìnrin náà, ó bẹ̀rẹ̀ sí í fi ha àtàǹpàkò ara rẹ̀. Ẹ̀jẹ̀ yọ.

"Kí lò ń ṣe yẹn?"

"Kí Igbá má mọ èmi náà mọ́."

"Gbé òkúta mi fún mi, ìkòkò yìí ń gbẹ." Ó gbà á, ó nù ún mọ́ ìró. "Àtàǹpàkò rẹ kò ṣẹ̀ mí, ọkọ mi. Ẹnu rẹ ló ṣẹ̀ mí."

Ní àárọ̀, ìlú rí Ìyàwó Àgbà lórí ìlà ẹnu omi. Ọdẹ́dìran wà lẹ́yìn rẹ̀, kò dé fìlà. Tẹ̀ka-Síbẹ̀ ní kó tẹ̀ka. Ó tẹ̀ka. Igbá dákẹ́. Aláwàdà ọjọ́sí sì tún dá orin: "Ẹni tí Igbá kò bá mọ̀ o?"

Kí ẹnikẹ́ni tó gbè é, Ọdẹ́dìran ti kígbe: "Ọdẹ́dìran ni ẹran ìgbẹ́!"

Ó bọ́ síwájú, ó dojú kọ wọn.

"Èmi ni mo fi orin yẹn sí yín lẹ́nu. Mo jókòó síbí, mo wo ẹnu ìbọn, mo jẹ́ kó gbé ìkòkò òfìfo lọ. Wọ́n ní kí n wá sọ orúkọ rẹ̀, n kò mọ̀ ọ́n, èmi tí ó pọ̀n dàgbà. Ó dáa. Ta ló mọ̀ ọ́n níbí? Ọ̀tún? Ẹ̀yin obìnrin ilé wa? Kí ẹnìkan dá mi lóhùn, kí n lè fi ẹnu gbolẹ̀."

 Wọ́n ń wo ara wọn. Ìyàwó Ọ̀tún, tí òun náà kò gbọ́ orúkọ ara rẹ̀ láti ọjọ́ tó ti délé ọkọ, ló kọ́kọ́ bojú wolẹ̀. Ibi tó bojú wolẹ̀ sí, ìkòkò ọwọ́ rẹ̀ ni. Ó yí i wò nídìí. Ó rí ojú àtàǹpàkò kan níbẹ̀, ti ìgbà tí ìlà rẹ̀ ṣì wà, ó yí po bí ọ̀nà ìgbín.  Ó da ìkòkò náà dé sílẹ̀, ó kúrò lórí ìlà. Ẹni tó tẹ̀ lé e yí tirẹ̀ wò, ó dà á dé. Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń ṣe, títí ẹnu omi fi kún fún ìdí ìkòkò, àtàǹpàkò ẹnìkan ṣoṣo lára gbogbo wọn.

"Igbá yóò gbàgbé gbogbo yín!" Tẹ̀ka-Síbẹ̀ ní. "Ẹ tẹ̀ka síbẹ̀! Ẹ tẹ̀ka síbẹ̀!" Kò sí ẹni tó nawọ́.

Ìgbà náà ni wọ́n gbọ́ ọ̀pá tó ń kan ilẹ̀. Baba Àkàngbé ti fọ̀pá wá ọ̀nà dé láti ilé tí wọ́n ní kó ti máa sinmi.

"Kí ló dé tí ibí yìí dákẹ́ báyìí? Ta ni yẹn, níwájú?"

"Èmi ni," Ìyàwó Àgbà dáhùn.

"Hẹn-ẹn. Ohùn rẹ gbẹ, amọ̀kòkò. Wọlé, lọ mumi."

Ó wọlé. Ó mu. Kò sí ẹni tó pàtẹ́wọ́. Ìgbà tí ó gbé ìkòkò rẹ̀ rù jáde, wọ́n yà fún un bí wọ́n ti í yà fún òkú ẹni tí wọn kò tọ́jú nígbà tó wà láyé, wọn kò lè wò ó lójú. Olókè gbọ́, ó wá, ó rí àwọn ìkòkò, ó ní kí wọ́n gbé Igbá kúrò lẹ́nu omi. Kò sọ pé òun jẹ̀bi. Ọba kì í sọ bẹ́ẹ̀. Àmọ́ òun fúnra rẹ̀ ló bá wọn gbé e dé ẹ̀yìn ìlú.

Ṣé ẹ rò pé ó parí? Igbá padà sí Ìlú Mọ̀mí-Dájú, ojú kò padà. Gbogbo Òkè-Amọ̀ ṣì wà lórí àtẹ lọ́hùn-ún títí di òní, oníṣòwò ń gbé wọn yẹ̀ wò, ọ̀kan tó dé fìlà àrán sì wà nísàlẹ̀ nínú eruku, ó ń rẹ́rìn-ín. Ọdẹ́dìran mọ̀. Bí wọ́n bá ní kó sọ ti ẹfọ̀n tó bẹ̀ ẹ́, á ní ọ̀nà ọ̀fun ń dun òun. Ẹnu omi ló máa ń jókòó báyìí, lẹ́gbẹ̀ẹ́ Baba Àkàngbé, ó ń fi ojú ti etí baba lẹ́yìn, kí asínnijẹ kankan má baà wọlé mọ́. Bí Ìyàwó Àgbà bá dé, á dìde, á pè é ní oríkì rẹ̀, wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́, kí ẹlòmíràn má gbọ́. Obìnrin náà á ní, "Má-jẹṣu-mi-tán, yà fún mi, omi ni mo wá pọn."

Mo ti da ẹnu mi dé bí ìkòkò. Ẹ máa lọ sílé. Bí ẹ bá kan ilẹ̀kùn, wọ́n á ní ta ni yẹn, ẹ̀yin náà á ní èmi ni, wọ́n á sì ṣí i fún yín torí wọ́n mọ ohùn yín. Ẹni tó ṣílẹ̀kùn yẹn, kí ni orúkọ rẹ̀?